Bí tòlótòló tó ṣẹ́kù lọ́dún ṣe ń di oúnjẹ oven

Lẹ́yìn Kérésì l'Abẹ́òkúta, ilé tó bá pa odidi tòlótòló kan, kò sí bí àlejò Èkó ṣe lè pọ̀ tó, ẹran ṣì máa ṣẹ́kù ṣáá ni. Ohun tó sì máa ń ṣẹlẹ̀ sí ẹran yẹn ò ṣòro mọ̀: wọ́n á gbé ìkòkò ọbẹ̀ kaná láàárọ̀, wọ́n á tún gbé e kaná lálẹ́, títí ata á fi jó mọ́dìí ìkòkò tí ẹran á sì le gbandi. Nǹkan táwọn òyìnbó ń pè ní casserole lè gba ẹran yẹn sílẹ̀. Kì í ṣe nǹkan bàbàrà, ẹran tó ti jinná ni, makaróní tàbí ìrẹsì, àti ọbẹ̀ funfun tó ki díẹ̀, wọ́n á pò ó pọ̀ sínú abọ́ kan, ó di inú oven títí ojú ẹ̀ á fi pọ́n.

Ní Amẹ́ríkà, Thanksgiving, ìyẹn ọdún ìdúpẹ́ wọn ní Thursday kẹrin nínú oṣù November, ló ń fa tiwọn. Odidi tòlótòló ni wọ́n ń yan, ẹran ẹ̀ ṣì máa ń rọ̀ lọ́jọ́ kejì, wọ́n á kàn já agolo ọbẹ̀ olú tí iléeṣẹ́ Campbell's ti ń tà láti 1934 lé e lórí, ó parí. Tiwa ò rí bẹ́ẹ̀. Àwa á bọ̀ ọ́, àá dín in, àá tún kó o sínú ọbẹ̀, ẹran tó bá ti rí iná lẹ́ẹ̀mẹta, omi wo ló kù níbẹ̀? Ẹni tó bá tẹ̀ lé ìlànà tiwọn gẹ́lẹ́ máa jẹ nǹkan gbígbẹ.

Iná ló ń fún omi jáde lára ẹran, èyí tó bá sì ti jáde kì í padà wọlé, ọbẹ̀ kàn lè bò ó mọ́lẹ̀ ni. Torí ẹ̀ ni wọ́n ṣe ń fọwọ́ ya á wẹ́wẹ́, pàápàá ẹran àyà, tí wọ́n á sì rẹ ẹ́ sínú omi ẹran gbígbóná fún bí ìṣẹ́jú 10. Ẹran itan àti ọrùn máa ń ṣe dáadáa jùyẹn lọ, iṣan ibẹ̀ ló ń yọ́ tó ń jẹ́ kí omi ẹran dì gbagidi nínú fíríìjì. Kẹ́nikẹ́ni má da egungun nù o. Wákàtí kan lórí iná pẹ̀lú àlùbọ́sà, omi ẹran ti dé nìyẹn.

Ká tó dé ìdí oven, ibi tí ẹran sùn mọ́jú ṣe pàtàkì jù. Láàárín 5°C sí 60°C ni kòkòrò tójú ò lè rí ti ń gbádùn ara wọn, àwọn kan lè di ìlọ́po méjì láàárín 20 ìṣẹ́jú. Oúnjẹ sísè ò gbọ́dọ̀ wà níta ju wákàtí 2 lọ, tí ooru bá ti ju 32°C lọ, ọ̀sán Abẹ́òkúta sì máa ń débẹ̀ dáadáa, wákàtí kan péré ni. Àwọn kan á ní ṣebí àwọn ti hó o. Híhó dáa, ṣùgbọ́n kòkòrò kan wà tó ń jẹ́ Clostridium perfringens, ó lè sá pa mọ́ sínú èèpo líle kan tí omi híhó ò ní pa á, ìgbà tí ìkòkò ńlá bá wá ń tutù díẹ̀díẹ̀ lóru ló máa jí táá bẹ̀rẹ̀ sí í bí sí i. Abọ́ pẹlẹbẹ ni kí wọ́n pín ẹran sí kó lè tètè tutù, fíríìjì á sì tọ́jú ẹ̀ fún ọjọ́ 3 sí 4. Tí iná bá lọ, fíríìjì tí wọn ò ṣí lè mú òtútù dání fún bíi wákàtí 4, fírísà tó kún fọ́fọ́ lè tó 48. Tí iná bá ti lọ látàná tí jẹnẹrétọ̀ ò sì ṣiṣẹ́, ẹ gbàgbé ẹran inú fíríìjì yẹn.

Ọbẹ̀ funfun ló lọ́gbọ́n nínú jù. Bọ́tà ṣíbí ìjẹun 3 á yọ́ lórí iná kékeré, àlùbọ́sà wẹ́wẹ́ á wọlé, tó bá ti rọ̀ wọ́n á da fùláwà ṣíbí 3 lé e, wọ́n á máa rò ó fún ìṣẹ́jú 2 kí òórùn fùláwà tútù lè kúrò. Ọ̀rá tó bo fùláwà ni kì í jẹ́ kó di kókó. Ẹni tó bá da fùláwà lásán sómi gbígbóná, ojú ẹ̀ á rí nǹkan. Omi ẹran kọ́ọ̀pù 2 àti mílíìkì kọ́ọ̀pù 1 á wá máa wọlé díẹ̀díẹ̀. Ó máa kọ́kọ́ dà bíi pé kò fẹ́ ki, kò sí wàhálà, sítáàṣì inú fùláwà ò ní mu omi yó àfi tó bá gbóná kọjá bíi 60°C, tó bá ti ń hó báyìí ló máa ki lójijì. Kó má ki ju ògì mímu lọ, torí makaróní máa mu nínú ẹ̀. Táìmù, kọ́rì, ata díẹ̀. Iyọ̀ ńkọ́? Ẹran ọdún ti jẹ Maggi yó tẹ́lẹ̀, kí wọ́n tọ́ ọ wò ná.

Ọbẹ̀ yìí ò kàn wà fún omi nìkan o. Ìtọ́wò àná tí kì í dùn lẹ́nu, tí tòlótòló máa ń ní tó bá ti sun fíríìjì, atẹ́gùn tó ń kọlu ọ̀rá ẹ̀ ló ń fà á, ọbẹ̀ tó bò ó ò ní jẹ́ kí atẹ́gùn ráàyè púpọ̀.

Ẹran yíya kọ́ọ̀pù 3, makaróní 250 g tí wọ́n sọ̀ kalẹ̀ nígbà tó ṣì le díẹ̀, wọ́n á pò ó mọ́ ọbẹ̀. Jọ̀lọ́ọ̀fù tó ṣẹ́kù náà lè rọ́pò makaróní. Ìrẹsì ọ̀fadà ò bá mílíìkì mu o jàre, kí wọ́n fi í sílẹ̀ fún ọbẹ̀ ata ẹ̀. Búrẹ́dì gbígbẹ tí wọ́n fọ́ wẹ́wẹ́ ló ń lọ sókè, wàràkàṣì náà tówó bá wà. Wàrà Fúlàní kì í yọ́ bíi tòyìnbó, ńṣe ló máa pọ́n, ó sì dùn bẹ́ẹ̀.

Oven kúkà tí ọ̀pọ̀ ilé fi ń kó ìkòkò pa mọ́, àsìkò iṣẹ́ ẹ̀ ti tó. 180°C, kí fóìlì bò ó fún 20 ìṣẹ́jú, kí wọ́n ṣí i fún 10 sí i, kí àárín ẹ̀ gbóná tó 74°C, tàbí kó máa hó láti àárín, kì í ṣe ẹ̀gbẹ́ nìkan. Tí kò bá sí oven, ìkòkò nínípọn tí yanrìn gbígbẹ wà nísàlẹ̀ ẹ̀ máa ṣe é, bí wọ́n ṣe ń fi yan kéèkì, wọ́n á dé e kó gbóná fún ìṣẹ́jú 15 kí abọ́ irin tó wọlé. Ìsàlẹ̀ nìkan ni ooru yẹn ti ń wá, ojú ẹ̀ ò ní pọ́n àfi tí wọ́n bá kó ẹ̀yinná èédú lé ọmọrí.

Kí wọ́n jẹ́ kó sinmi fún 10 ìṣẹ́jú kí wọ́n tó bù ú, àìjẹ́ bẹ́ẹ̀ á máa ṣàn káàkiri abọ́. Èyí tí wọn ò bá ní yan lọ́jọ́ náà lè wọ fírísà láì yan án, á ṣì dùn lẹ́yìn oṣù 2, kó sáà ti sun fíríìjì mọ́jú kó tó wọ oven. Tó bá jẹ́ abọ́ gíláàsì, kí wọ́n gbé e síta díẹ̀ ná, torí gíláàsì tútù tó bá kó sínú ooru lójijì máa sán.