Ìdí Tí Ọ̀nà Etí Odò Columbia Fi Ń Gun Òkè

Àbúrò ìyá mi wá kí wa láti Ìbàdàn ní ìgbà ooru. Lọ́jọ́ Sátidé kan, mo gbé wọn jáde. A gba Troutdale, ìlú kékeré tó wà ní ìlà-oòrùn Portland ní ìpínlẹ̀ Oregon, a sì bọ́ sórí ọ̀nà àtijọ́ tó bá odò Columbia rìn. A ò tíì rìn jìnnà tí wọ́n fi di ilẹ̀kùn ọkọ̀ mú. Wọ́n ní, "Àkànní, ṣebí o ní ọ̀nà etí odò là ń lọ? Odò ọ̀hún dà? Òkè là ń gùn látìgbà tá a ti kúrò nílùú. Kí ló dé tí ẹni tó la ọ̀nà yìí ò jẹ́ kó lọ tààrà?"

Iṣẹ́ ọ̀nà ni mo fi ń jẹun, mo sì ti gbọ́ ìbéèrè yìí lẹ́nu ọ̀pọ̀ èèyàn. Èsì tí mo fọ́ fún Àǹtí nínú ọkọ̀ kò kún tó, torí kọ́nà pọ̀ níbẹ̀, ojú mi sì gbọ́dọ̀ wà níwájú. Ẹ jẹ́ kí n dáhùn rẹ̀ dáadáa níbí.

Odò ni ká ti bẹ̀rẹ̀. Columbia ṣàn láti Kánádà, ó rin ìrìn tó lé ní 1,200 máìlì kó tó wọ Òkun Pàsífíìkì, òun náà sì ni ààlà láàárín Oregon àti Washington ní apá tí mò ń sọ yìí. Àwọn òkè Cascade tò láti àríwá dé gúúsù bí ògiri, odò yìí sì gé wọn já. Ibi tó ti gé wọn kọjá lọ sílẹ̀ débi pé ẹni tó bá gba ibẹ̀ kò ní láti gun òkè ńlá kankan kó tó dé òdìkejì. Ìdí nìyẹn tí gbogbo ayé fi ń wá ọ̀nà gbabẹ̀. Àwọn onílẹ̀, àwọn Wasco, Wishram àti Chinook, ti ń fi ọkọ̀ ojú omi àti ẹsẹ̀ gbabẹ̀ tipẹ́tipẹ́, wọ́n ń pẹja, wọ́n ń ṣòwò.

Nígbà tí àwọn òyìnbó tó ń ṣí lọ sí ìwọ̀-oòrùn dé The Dalles, ìlú kan létí odò náà, pẹ̀lú kẹ̀kẹ́ ẹrù wọn ní àwọn ọdún 1840, ilẹ̀ tán mọ́ wọn lẹ́sẹ̀. Níwájú, àpáta dúró ṣánṣán, ẹsẹ̀ rẹ̀ wà nínú omi. Àwọn kan di igi pọ̀, wọ́n gbé kẹ̀kẹ́ lé e, wọ́n sì fi ẹ̀mí wewu lórí odò. Ní 1846, wọ́n la ọ̀nà mìíràn gba ẹ̀yìn òkè Hood, owó ibodè lèèyàn sì ń san kó tó kọjá. Ní 1872, ilé ìgbìmọ̀ aṣòfin Oregon fi owó sílẹ̀ fún ọ̀nà kẹ̀kẹ́ ẹrù tí yóò gba etí odò gan-an, ṣùgbọ́n ọ̀nà tóóró tó ga gẹ̀gẹ̀ ni wọ́n rí là. Kò sì pẹ́ tí rélùwéè fi dé. Ní àwọn ọdún 1880, wọ́n tẹ́ ojú irin sórí ìwọ̀nba ilẹ̀ pẹrẹsẹ tó wà láàárín omi àti àpáta, wọ́n sì ba ọ̀pọ̀ nínú ọ̀nà kẹ̀kẹ́ yẹn jẹ́.

Apá kan èsì Àǹtí nìyẹn. Nígbà tí mọ́tò dé, ilẹ̀ pẹrẹsẹ ti ní olówó. Ojú irin ló wà níbẹ̀.

Ẹni tó gbé ọ̀rọ̀ ọ̀nà mọ́tò létí odò náà sórí bí iṣẹ́ Ọlọ́run ni Sam Hill, agbẹjọ́rò àti oníṣòwò kan. Ní Maryhill, lápá Washington, ó fi owó ara rẹ̀ la ọ̀nà, ó ń dán oríṣiríṣi ọ̀dà àti òkúta wò lórí rẹ̀. Ní 1913, ó pe àwọn aṣòfin Oregon kí wọ́n wá fi ojú ara wọn rí i, ọdún yẹn náà ni Oregon dá ìgbìmọ̀ tó ń rí sí ọ̀nà ìpínlẹ̀ sílẹ̀. Ẹnjiníà tó darí iṣẹ́ ọ̀nà náà ni Samuel Lancaster. Òun àti Hill ti jọ lọ sí Paris ní 1908 fún àpérò àgbáyé àkọ́kọ́ lórí ọ̀nà, wọ́n sì ti wo àwọn ọ̀nà tó tẹ̀lé odò Rhine àtàwọn tó gun òkè Switzerland.

Lancaster gbé òfin mẹ́ta kalẹ̀. Fífẹ̀ ọ̀nà, ẹsẹ̀ bàtà 24. Gígùn òkè, kò gbọdọ̀ ju ìdá 5 nínú ọgọ́rùn-ún. Kọ́nà, kò gbọdọ̀ ká ju èyí tí èèyàn lè rìn yípo bó bá so okùn ẹsẹ̀ bàtà 100 mọ́ èèkàn, tó sì di ìkángun rẹ̀ mú. Ẹni tí kì í ṣe oníṣẹ́ ọ̀nà lè ka èyí kó má rí nǹkan kan níbẹ̀. Èmi rí gbogbo ọ̀nà náà nínú rẹ̀.

Ẹ mú ìdá 5 yẹn. Ìtumọ̀ rẹ̀ ni pé bí ọkọ̀ bá rin ẹsẹ̀ bàtà 100 síwájú, kò gbọdọ̀ fi ju ẹsẹ̀ bàtà 5 lọ sókè tàbí wálẹ̀. Mọ́tò ayé ìgbà yẹn kò lágbára, bíréèkì rẹ̀ kò sì ṣeé fọkàn tán. Nínú Ford Model T, kò sí ohun tó ń fa epo. Abẹ́ àga ni táǹkì rẹ̀ wà, epo kàn ń ṣàn fúnra rẹ̀ lọ sínú ẹ́ńjìnnì. Bí òkè bá ga jù tí epo ò sì pọ̀, imú ọkọ̀ á ga ju táǹkì lọ, epo ò ní dé ẹ́ńjìnnì mọ́, ọkọ̀ á sì kú. Ọ̀pọ̀ awakọ̀ ló ń yí ọkọ̀ padà tí wọ́n ń fi ẹ̀yìn gun òkè nítorí èyí.

Wàyí o, ẹ bá mi dé Crown Point. Àpáta ńlá ni, ó ga ju odò lọ ní ẹsẹ̀ bàtà 733. Lancaster fẹ́ kí èèyàn dé orí rẹ̀ kó rí odò láti òkè títí dé ibi tí ojú bá lè ríran mọ. Ṣùgbọ́n ọ̀nà gbọ́dọ̀ sọ̀ kalẹ̀ padà, nǹkan bí ẹsẹ̀ bàtà 600, kó tó dé àwọn omi tó ń já láti orí àpáta nísàlẹ̀. Ẹ ṣírò rẹ̀: ẹsẹ̀ bàtà 600 ní ìdá 5, ó ń béèrè ọ̀nà tó gùn tó ẹsẹ̀ bàtà 12,000, ìyẹn ju máìlì méjì lọ. Ilẹ̀ tó wà níwájú kò gùn tó bẹ́ẹ̀. Nítorí náà ó ká ọ̀nà náà bí okùn, ó yí i lọ, ó yí i bọ̀, títí gígùn rẹ̀ fi pé. Gbogbo kọ́nà tí Àǹtí ń dì mọ́ ilẹ̀kùn fún, gígùn ni Lancaster fi rà, kí òkè má bàa pa ọkọ̀.

Ibi tí mo fẹ́ràn jù kò sí lórí káàdì àwòrán. Ó wà lẹ́bàá Multnomah, níbi tí omi ti ń já láti òkè ẹsẹ̀ bàtà 620. Ibẹ̀ há. Ojú irin wà nísàlẹ̀, òkìtì òkúta tó ti ya láti ara àpáta fún ẹgbẹẹgbẹ̀rún ọdún sì wà lókè. Ohun tó kọ́kọ́ máa ń sọ síni lọ́kàn ni kéèyàn gé ìdí òkìtì náà kó lè rí àyè. Ẹ wo yanrìn tí típà dà síwájú ilé tí wọ́n ń kọ́. Ẹ fi ṣọ́bìrì bu díẹ̀ nídìí rẹ̀, ẹ ó rí i pé èyí tó wà lókè á ya wá dípò rẹ̀. Bẹ́ ẹ bá tún bù ú, á tún ya. Òkè ò yàtọ̀, àfi pé òkúta tirẹ̀ ń pani. Ní 1914, wọn ò fọwọ́ kan ìdí òkìtì yẹn. Wọ́n gbé ọ̀nà lé orí ẹsẹ̀ kọnkéré, wọ́n fi í gba ẹ̀gbẹ́ òkè bí afárá tí kò sọdá omi kankan. Awakọ̀ tó ń kọjá kò ní mọ̀ pé orí afárá lòun wà.

Omi ló kàn. Òjò apá ìwọ̀-oòrùn ibẹ̀ kì í ṣe òjò kékeré, omi sì ni ọ̀tá títì. Mo ní kí Àǹtí sọ̀ kalẹ̀ níbi tí ààyè wà láti páàkì, mo fi ògiri òkúta kúkúrú tó wà létí ọ̀nà hàn wọ́n. Ìsàlẹ̀ rẹ̀ ní àwọn ojúhò tó rí bí òṣùpá ìlàjì, wọ́n tò tẹ̀lé ara wọn. Wọ́n rò pé ẹwà lásán ni. Mo ní kí wọ́n bẹ̀rẹ̀, kí wọ́n na ọwọ́ gba inú ọ̀kan. Ewé tútù àti iyẹ̀pẹ̀ ni ọwọ́ wọn bá níbẹ̀: ojú ibẹ̀ ni omi òjò ń gbà kúrò lórí títì.

Ògiri tó gbé ilẹ̀ ró nísàlẹ̀ ọ̀nà tún jù bẹ́ẹ̀ lọ. Àwọn bíríkìlà ọmọ Ítálì ló to ọ̀pọ̀ nínú wọn, òkúta lórí òkúta, láìsí sìmẹ́ńtì. Omi tó bá dé ẹ̀yìn irú ògiri bẹ́ẹ̀ á ráyè gba àárín òkúta jáde. Mo ti ṣiṣẹ́ níbi tí wọ́n ti fi kọnkéré kọ́ ògiri tó dára lójú, tí wọn ò fi ihò omi sí i. Mo sọ̀rọ̀, wọn ò gbọ́. Òjò ọdún kejì tì í wó. Òkúta àwọn ará Ítálì yẹn ṣì dúró lẹ́yìn ọgọ́rùn-ún ọdún.

Ọkọ̀ bẹ̀rẹ̀ sí í gba ọ̀nà náà dé ìlú Hood River ní 1915. Ní ọjọ́ 7 oṣù Kẹfà 1916 ni wọ́n ṣí i pẹ̀lú ayẹyẹ, Ààrẹ Wilson sì tẹ bọ́tìnnì láti Washington, olú ìlú Amẹ́ríkà lọ́hùn-ún, kí àsíá lè ta ní Crown Point. Ó di 1922 kí wọ́n tó parí rẹ̀ dé The Dalles. Ní Mitchell Point, níbi tí àpáta ti dí ọ̀nà pátápátá, wọ́n gbẹ́ ihò gba inú rẹ̀, wọ́n sì la fèrèsé márùn-ún sí ẹ̀gbẹ́ tó kọjú sí odò. Switzerland ni wọ́n ti rí irú rẹ̀.

Ṣùgbọ́n ọkọ̀ dàgbà ju ọ̀nà náà lọ. Tírélà kò lè yí ní kọ́nà okùn ẹsẹ̀ bàtà 100 láìgba ojú ọ̀nà ẹlòmíràn. Wọ́n sé odò ní Bonneville ní àwọn ọdún 1930, ìyẹn sì ti apá kan ọ̀nà kúrò nípò. Nígbà tó di àwọn ọdún 1950, wọ́n da òkúta àti iyẹ̀pẹ̀ sí etí omi, wọ́n la ọ̀nà tuntun sórí rẹ̀, èyí tí a ń pè ní I-84 lónìí. N kò bá wọn jà nítorí ìyẹn. Ọ̀nà tí ẹrù ń gbà gbọ́dọ̀ wà. Èyí tó dùn mí ni pé ní 1966 wọ́n fi àdó olóró fọ́ ihò olójú fèrèsé Mitchell Point, kí wọ́n lè fẹ ọ̀nà nísàlẹ̀. Wọ́n ti gbẹ́ òmíràn síbẹ̀ báyìí, olójú fèrèsé márùn-ún, fún ẹlẹ́sẹ̀ àti oníkẹ̀kẹ́. Inú mi dùn sí i, ṣùgbọ́n ti àkọ́kọ́ ti lọ.

Òfin ìjọba àpapọ̀ ọdún 1986 tó dáàbò bo àfonífojì tí odò Columbia gbẹ́ gba àárín òkè ló tún gbé ọ̀nà àtijọ́ dìde. Ọdún tó tẹ̀lé e ni Oregon pàṣẹ pé kí wọ́n máa tún un ṣe. Iná ìgbẹ́ ọdún 2017 fẹ́rẹ̀ẹ́ dá iṣẹ́ yẹn padà. Gbòǹgbò igi ló ń di òkúta orí òkè mú, bí igi bá jó, òkúta á tú sílẹ̀. Ó lé ní ọdún kan tí apá ibi Multnomah fi wà ní títì.

Bí ẹ bá fẹ́ lọ, ẹ lè wakọ̀ láti Troutdale dé Ainsworth, kí ẹ gba I-84, kí ẹ sì padà sórí ọ̀nà àtijọ́ láti Mosier dé The Dalles. Láàárín, ẹsẹ̀ tàbí kẹ̀kẹ́ lẹ lè fi lọ níbi tí wọ́n ti tún un ṣe. Ẹ tètè jáde láàárọ̀, ibi ìpáàkì kò pọ̀. Ẹ má gbé ọkọ̀ ńlá lọ, ẹ má sì dúró lójú ọ̀nà láti ya fọ́tò, pàápàá lórí àwọn afárá ẹ̀gbẹ́ òkè yẹn, wọn ò fẹ̀. Bẹ́ ẹ bá ṣe ń lọ sí ìlà-oòrùn, igbó á tán, koríko gbígbẹ á bẹ̀rẹ̀, bí ẹni sọdá láti ìlú kan sí òmíràn.

Ní Mosier, ihò méjì wà nínú àpáta tí wọ́n gbẹ́ ní 1921. Wọ́n fi òkúta dí wọn pa ní àwọn ọdún 1950, wọ́n sì tún ṣí wọn fún ẹlẹ́sẹ̀ ní 2000. Ibẹ̀ ni èmi àti Àǹtí parí sí. Lára ògiri ihò náà, àwọn ọkùnrin méjì kan ti fín in sínú òkúta pé òjò dídì sé àwọn mọ́bẹ̀ láti ọjọ́ 19 dé ọjọ́ 27 oṣù Kọkànlá 1921. Àǹtí wọ awò ojú wọn, wọ́n bẹ̀rẹ̀ mọ́ ọn, mo sì túmọ̀ rẹ̀ fún wọn. Wọ́n dákẹ́ fún ìgbà díẹ̀. Wọ́n wá bojú wo ẹnu ihò níbi tí odò ti ń dán nínú oòrùn, wọ́n ní, "Àkànní, kí ni wọ́n ń jẹ?"