Bí ìwà ṣe ń sọ wàhálà di àìsàn, àti bí ìtọ́jú onífọ̀rọ̀wérọ̀ ṣe ń ṣiṣẹ́

Ẹni méjì gba àtẹ̀jíṣẹ́ kan náà láti ọ̀dọ̀ ọ̀gá wọn nírọ̀lẹ́: "Ẹ wá rí mi láàárọ̀ ọ̀la." Ọ̀kan gbé fóònù sílẹ̀, ó jẹun, ó sùn. Oúnjẹ kò lọ lọ́nà ọ̀fun èkejì mọ́. Títí ilẹ̀ fi mọ́ ló ń wá inú ara rẹ̀ kiri, bóyá ó máa rí ẹ̀ṣẹ̀ tó ṣẹ̀. Ohun tó fa ìyàtọ̀ yìí ni ọ̀pọ̀ dókítà ọpọlọ ti ń wádìí láti ọjọ́ pípẹ́, torí ibẹ̀ náà ni ìtọ́jú ń gbà wọlé.

Bí ọpọlọ bá ti ka nǹkan kan sí ewu, ara kì í dúró bi í léèrè. Ẹ̀yà ara kékeré méjì tó jókòó lórí kíndìnrín á tú èròjà kan tó ń jẹ́ adrenaline sínú ẹ̀jẹ̀ lójú ẹsẹ̀: àyà á máa lù kì-kì-kì, èémí á yára, ẹ̀jẹ̀ á dín kù nínú ikùn, á sì pọ̀ nínú iṣan apá àti ẹsẹ̀. Lẹ́yìn ìṣẹ́jú díẹ̀, èròjà mìíràn, cortisol, á tẹ̀lé e, á máa pèsè ṣúgà kí agbára má bàa tán. Walter Cannon, onímọ̀ ará Amẹ́ríkà, ti ṣàlàyé rẹ̀ láti ọdún 1915 pé ìmúra láti jà tàbí láti sá ni. Ètò tó dára ni, ó sì ti gba ẹ̀mí púpọ̀ là. Àmọ́ ìpàdé àárọ̀ ọ̀la kò ṣeé bá jà, kò sì ṣeé sá fún, ara á sì wà lórí ìdúró di òwúrọ̀.

Ohun tí irú ìdúró bẹ́ẹ̀ ń ṣe hàn kedere lára àwọn eku tí Hans Selye lò ní Yunifásítì McGill, ní Kánádà. Ó fi òtútù, iṣẹ́ àṣelàágùn àti oògùn olóró tí kò tó ohun tó lè pa wọ́n ni wọ́n lára. Èyíkéyìí tó wù kó lò, nǹkan mẹ́ta kan náà ló bá nínú wọn: ẹ̀yà orí kíndìnrín wú, ẹ̀yà inú àyà tó ń bá ara gbógun ti àrùn súnkì, ọgbẹ́ sì yọ nínú ikùn. Ó gbé àbájáde náà jáde lọ́dún 1936, ó sì pín in sí ìpele mẹ́ta: ìdágìrì, ìfaradà, àárẹ̀ pátápátá. Ìpele kejì yẹn ló yẹ kó kọ ni lóminú jù, nítorí ẹni tó wà nínú rẹ̀ kì í tètè mọ̀. Ó ń lọ síbi iṣẹ́, ó ń rẹ́rìn-ín. Kìkì pé oorun rẹ̀ ń já lóru, orí ń fọ́ ọ, ó sì ń jágbe mọ́ ọmọ lórí ohun tí kò tó nǹkan.

Lọ́dún 1967, dókítà ọpọlọ méjì, Thomas Holmes àti Richard Rahe, gbìyànjú láti wọn bí ẹrù náà ṣe wúwo tó. Wọ́n to ìṣẹ̀lẹ̀ 43 sílẹ̀, wọ́n sì fún ọ̀kọ̀ọ̀kan ní máàkì. Ikú ọkọ tàbí aya gba 100, ìkọ̀sílẹ̀ gba 73, ìgbéyàwó pàápàá gba 50, torí ayọ̀ náà máa ń yí ìgbé ayé ẹni padà. Àwọn tí máàkì wọn pọ̀ ń ṣàìsàn ju àwọn yòókù lọ lóòótọ́, ṣùgbọ́n kì í ṣe tó bí èèyàn ṣe máa rò. Ọ̀pọ̀ ló ru ẹrù ńlá tí kò ṣubú. Richard Lazarus, onímọ̀ ìhùwàsí ẹ̀dá, wá sọ pé ìbéèrè méjì ló ń pinnu rẹ̀: ṣé nǹkan yìí lè pa mí lára? Kí ni mo ní lọ́wọ́ tí mo lè fi kojú rẹ̀? Bí ewu bá pọ̀ ju ohun tó wà lọ́wọ́ lọ lójú onítọ̀hún, másùnmáwo dé nìyẹn.

Ìwà ẹni ló sì máa ń dáhùn ìbéèrè méjèèjì. Aaron Beck, dókítà ọpọlọ ní Yunifásítì Pennsylvania, ya oríṣi èèyàn méjì sọ́tọ̀ lọ́dún 1983. Àwọn kan wà tí ìfẹ́ àti ìtẹ́wọ́gbà àwọn èèyàn jẹ́ òpó ayé wọn. Àwọn mìíràn wà tí òpó tiwọn jẹ́ àṣeyọrí àti òmìnira. Ẹni àkọ́kọ́ lè pàdánù iṣẹ́ kó sì tún gbéra, àmọ́ kí ọ̀rẹ́ tímọ́tímọ́ kan máà gbé ìpè rẹ̀ fún ọ̀sẹ̀ kan, ó ti dùbúlẹ̀. Ẹnì kejì lè fara da ìdánìkanwà, ṣùgbọ́n àìsàn tó mú kí wọ́n máa wẹ̀ fún un lè wó o pátápátá. Nítorí náà, kò tó kí á béèrè ohun tó ṣẹlẹ̀. Ó yẹ ká mọ ẹni tó ṣẹlẹ̀ sí. Ẹni tó bá ń sọ fún olómìnira tó ń sunkún lórí ibùsùn pé "èyí kò kúkú tó nǹkan" ń dá kún ọgbẹ́ rẹ̀ ni.

Ìwà tún máa ń bí wàhálà fúnra rẹ̀. Ẹni tó ń bẹ̀rù ìkọ̀sílẹ̀ á máa béèrè ṣáá bóyá wọ́n ṣì fẹ́ràn òun, títí á fi sú wọn.

Láti àwọn ọdún 1960 ni Beck ti ṣàkíyèsí pé èrò kan máa ń sáré kọjá lọ́kàn aláìsàn, tó ti di òótọ́ lójú rẹ̀ kó tó yẹ̀ ẹ́ wò. Ìtọ́jú onífọ̀rọ̀wérọ̀ tí Beck gbé kalẹ̀ ń dá èrò náà dúró lórí ìwé. Ẹ jẹ́ ká mú ẹni tí kò rí oorun sùn yẹn. Lábẹ́ ohun tó ṣẹlẹ̀, ó kọ: "Ọ̀gá ní kí n wá." Lábẹ́ èrò: "Wọ́n fẹ́ lé mi." Ìdánilójú rẹ̀: 90 nínú 100. Ẹ̀rí tó gbè é: ọ̀gá kò rẹ́rìn-ín lọ́jọ́ Ìṣẹ́gun. Ẹ̀rí tó ta kò ó: ìgbà mẹ́ta tí ọ̀gá pè mí lọ́dún yìí, iṣẹ́ tuntun ló fẹ́ gbé fún mi. Oníṣègùn á ní kó tún wọn ìdánilójú náà wò, ó lè bọ́ sí 40. Ẹ̀rù kò tán, kò sì pọn dandan kó tán. Ó kàn ti dín kù débi tó lè sùn. Lẹ́yìn náà ni iṣẹ́ ilé: kí ó ṣe ohun tó ń sá fún, ní díẹ̀díẹ̀, torí gbogbo ìgbà tí èèyàn bá sá ni ẹ̀rù ń gba ìdánilójú sí i.

Bí irú ìwé bẹ́ẹ̀ bá ti pọ̀, gbólóhùn kan náà á máa jẹ yọ nínú wọn: "Mi ò já mọ́ nǹkan." Ibẹ̀ ni iṣẹ́ kúrò lórí wàhálà ọjọ́ kan, tó di ti ìwà. Ìpàdé 12 sí 20 pẹ̀lú oníṣègùn sábà máa ń tó fún ti àkọ́kọ́. Ti ìwà lè gbà ju ọdún kan lọ.

Gbogbo èyí kò lè ṣiṣẹ́ láìsí ìfọkàntán. Jerome Frank, dókítà ọpọlọ ní Johns Hopkins, jẹ́ kó yé wa pé ohun tó ń gbé èèyàn wá sọ́dọ̀ oníṣègùn ni ìrẹ̀wẹ̀sì, pé oríṣiríṣi ìtọ́jú sì pín nǹkan mẹ́rin: ẹni tó ṣeé fọkàn tán, ibi tí a yà sọ́tọ̀, àlàyé tó bọ́gbọ́n mu, àti iṣẹ́ tí àwọn méjèèjì jọ ń ṣe. Bí ara bá ti ń yá, ìpàdé ọ̀sẹ̀ọ̀sẹ̀ á di ọ̀sẹ̀ méjì méjì, á di oṣooṣù. Wọ́n á jọ kọ àmì tó máa ń kọ́kọ́ yọ sílẹ̀, irú bí oorun tó ń já lóru tàbí ìpè ọ̀rẹ́ tí kò wu onítọ̀hún gbé mọ́, pẹ̀lú ohun tó máa ṣe lọ́jọ́ tó bá rí i.