Ẹni Tó Ń Ṣubú Ló Ń Ṣiṣẹ́

Àwọn òbí tó ń mú ọmọ wá kọ́ tíátà lọ́dọ̀ wa ní Mọ́kọ́lá kì í yé bi mí: "Ọ̀gá, rẹ́sílìn orí tẹlifíṣọ̀n yìí, ṣé wọ́n ń jà lóòótọ́ ni àbí irọ́ ni?" Ìjà orí ìtàgé ni mo ń kọ́ àwọn òṣèré, òun ni mo fi ń jẹun, nítorí náà ẹ jẹ́ kí n là á yé yín.

Wọ́n ti mọ ẹni tó máa borí kí agogo tó dún. Lọ́dún 1989, ilé-iṣẹ́ rẹ́sílìn Vince McMahon, èyí tí a mọ̀ sí WWE lónìí, fúnra rẹ̀ ló sọ fún àwọn aṣòfin ìpínlẹ̀ New Jersey ní Amẹ́ríkà pé eré ni, kí ìjọba má baà máa ṣòfin lé wọn lórí bíi ti ẹ̀ṣẹ́ kíkàn. Ṣùgbọ́n ìṣubú kì í ṣe irọ́. Pákó ni wọ́n ń ṣubú lé, tí wọ́n tẹ́ tìmùtìmù fẹ́lẹ́ àti kánfáàsì sí lórí. Ẹ wo ẹni tó bá mọ̀ ọ́n ṣe: á fi àgbọ̀n mọ́ àyà kí ìpàkọ́ má baà gbálẹ̀, á mí síta, bí ẹ̀yìn bá sì ṣe ń kan ilẹ̀ ni á fi apá méjèèjì na ilẹ̀ gbàmù. Apá yẹn ló ń pariwo, òun náà ló ń bá ọ̀pá ẹ̀yìn gbé nínú ìyà.

Ẹni tó gbé e sókè ńkọ́? Kò lè dá a gbé. Ẹni tí wọ́n ń gbé gbọ́dọ̀ fò sí i. Tí ọ̀kan bá fi apá há èkejì lọ́rùn, àfàìmọ̀ kó má máa sọ ohun tó kàn sí i létí. Awo ní í gbé awo nígbọ̀nwọ́. Tí ẹni tí wọ́n nà kò bá jẹ ìyà náà dé ojú àmì, ẹni tó borí kò já mọ́ nǹkan kan. Ìjà ẹ̀ṣẹ́ Dick Tiger ọmọ Nàìjíríà àti Gene Fullmer ará Amẹ́ríkà ní Liberty Stadium n'Ìbàdàn níbí, ní ọjọ́ 10 oṣù kẹjọ ọdún 1963, yàtọ̀: Fullmer kò lè jáde lẹ́yìn ìpele keje, kò sì sẹ́ni tó bá a pín ìyà náà.

Carlos Amorales, oníṣẹ́ ọnà ará Mẹ́síkò, mú ọ̀rọ̀ yìí lọ síbi tí n kò rò. Nílẹ̀ wọn, ọ̀pọ̀ oníjàkadì kì í ṣí ojú. Ìbòjú ni wọ́n fi sin El Santo, gbajúmọ̀ oníjàkadì wọn, lọ́dún 1984. Amorales ní kí wọ́n rán ìbòjú tó jọ ojú òun, ó gbé e fún àwọn oníjàkadì gidi, ó ní kí Amorales bá Amorales jà. Wọ́n gbé ìjà náà dé Tate Modern, ilé àfihàn iṣẹ́ ọnà ní Lọ́ńdọ̀nù, lọ́dún 2003. Èwo wá ni Amorales? Ìbéèrè yẹn kò lè dààmú ará Ìbàdàn. Tí Alápáńsánpá bá jáde, ta ló ń béèrè ọmọ ẹni tó wà nínú ẹ̀kú? (Ẹni tó bá béèrè, ẹgba ni.) Ẹni tó bá gbé e wọ̀ ti di òun.

Ní ti àwọn ọmọ tó ń fò lórí bẹ́ẹ̀dì yín: ẹ jẹ́ kí wọ́n kọ́ ìṣubú láti ìlóṣòó ná, lórí ẹní tó nípọn, kí àgbọ̀n wà ní àyà. Èyí tí wọ́n fi ń há orí ẹlòmíì sáàárín itan, tí wọ́n á wá fi orí náà sọlẹ̀, ẹ má gbà á láyè rárá. WWE pàápàá ti fòfin de èyí fún ọ̀pọ̀ jù lọ nínú àwọn oníjàkadì wọn, nítorí ọrùn.