Ẹ̀jẹ̀ Ni Wọ́n Fi Ń Wọlé: Ìmùlẹ̀ Àwọn Akẹ́kọ̀ọ́ Idà ní Katori

Iizasa Ienao ló dá ilé ẹ̀kọ́ idà Tenshin Shōden Katori Shintō-ryū sílẹ̀ ní ọ̀rúndún kẹẹ̀ẹ́dógún, lẹ́bàá ojúbọ Katori ní ìpínlẹ̀ Chiba, Japan. Ìjọba ìpínlẹ̀ náà kà á mọ́ ohun àjogúnbá ní 1960.

Kí akẹ́kọ̀ọ́ tó kọ́ ohunkóhun, yóò ka ẹ̀jẹ́ tí wọ́n ń pè ní keppan, yóò kọ orúkọ rẹ̀ sí i, yóò gún ìka rẹ̀, yóò sì fi ẹ̀jẹ̀ náà tẹ̀ ẹ́. Ìmùlẹ̀ gan-an ni. Bí ó bá dalẹ̀, òrìṣà Katori àti Marishiten, òrìṣà àwọn jagunjagun, ni yóò fìyà jẹ ẹ́.

Ohun mẹ́rin ló ń búra lé. Kò ní fi ohun tó kọ́ han ẹnikẹ́ni, ì báà jẹ́ ọmọ ìyá rẹ̀. Kò ní wá ìjà. Kò ní ta tẹ́tẹ́, bẹ́ẹ̀ ni kò ní yà sí ibi tí ọmọlúàbí kì í dé. Kò sì ní bá ọmọ ilé ẹ̀kọ́ mìíràn fa idà láìgbàṣẹ.

Ìkẹrin yìí ló le jù fún ọ̀dọ́. Idà onígi ni wọ́n fi ń kọ́ṣẹ́; ẹni tó bá sì ti ń lu igi mọ́ igi lójoojúmọ́, ọkàn rẹ̀ yóò máa fà sí i láti mọ̀ bóyá òun ju ẹlòmíràn lọ. Láyé àwọn sàmúráì, jagunjagun Japan àtijọ́, irú ìdánwò bẹ́ẹ̀ lè pa ẹnì kan, kí àwọn ènìyàn rẹ̀ sì wá gbẹ̀san. Àṣírí ọwọ́ ẹni yóò tún tú sí ọ̀tá lójú.

Kata ló rọ́pò ìdíje: ìṣísẹ̀ tí a ti là sílẹ̀ fún ènìyàn méjì. Àgbà ló ń kọlu, akẹ́kọ̀ọ́ ló ń borí, torí àgbà ló mọ bí a ṣe ń yọ̀ǹda àyè láìfarapa. Kata idà mẹ́rin ni wọ́n fi ń bẹ̀rẹ̀, Itsutsu no tachi sì ni àkọ́kọ́. Wọ́n gùn gan-an. Níbi tí igi ti ń kan igi, ara ni ìkọlù náà ń wá ní tòótọ́; igi ẹnìkejì ló gbà á fún ara. Òǹwòran kò ní mọ ibi tí ikú wà nínú rẹ̀.

Àṣìṣe tó wọ́pọ̀ ni kí akẹ́kọ̀ọ́ dáhùn kí ìkọlù tó dé, torí ó ti mọ ohun tó ń bọ̀. Àlàfo àárín wọn yóò bàjẹ́, idà onígi wọn kò sì ní ohun tó ń dáàbò bo ọwọ́. Ìka ni yóò jìyà. Ìdí nìyí tí wọ́n fi ń rọra ṣe é títí àlàfo náà yóò fi dúró, kí wọ́n tó fi eré kún un.