Ooru ni Ọ̀gá Ìbọn Arọ̀jò-Ọta

Ohun àkọ́kọ́ tí wọ́n máa ń sọ nípa ìbọn arọ̀jò-ọta, èyí tí àwọn mìíràn ń pè ní máṣíìn-gọ́ọ̀nù, ni iye ọta tí ó lè yìn ní ìṣẹ́jú kan. Wọ́n á ní Maxim ń yin 600, wọ́n á ní MG 42 ti ilẹ̀ Jámánì ń yin 1,200, wọ́n á sì fi ọ̀rọ̀ sílẹ̀ síbẹ̀, bí ẹni pé ẹni tí ó bá jókòó ti ìbọn náà fún ìṣẹ́jú márùn-ún yóò ti yin 3,000 tàbí 6,000 ọta kí ó tó dìde. Kò rí bẹ́ẹ̀ rárá. Eré ni nọ́ńbà yẹn ń sọ, kì í sọ iye. Bí ọkọ̀ kan bá ń sá eré kìlómítà 120 ní wákàtí kan, a kò tíì mọ̀ bóyá epo inú rẹ̀ yóò gbé e fún ìdajì wákàtí.

A lè mú AK-47, tí eré rẹ̀ jẹ́ nǹkan bí 600. Ọta mẹ́wàá ni yóò máa jáde nínú rẹ̀ ní ìṣẹ́jú àáyá kan, bẹ́ẹ̀ màgasíìnì rẹ̀, ìyẹn àpótí tí ọta ń wà nínú rẹ̀, kì í sábà gbà ju 30 lọ. Ní ìṣẹ́jú àáyá mẹ́ta, ìbọn ti gbẹ. M240 tí àwọn ọmọ ogun Amẹ́ríkà ń lò, tí í ṣe FN MAG ilẹ̀ Bẹ́ljíọ̀mù lábẹ́ orúkọ mìíràn, kò ní ìṣòro yìí, nítorí pé ọta rẹ̀ so kọ́ra bí ìgbànú, a sì lè máa so òmíràn mọ́ ìdí èyí tí ó wà lẹ́nu rẹ̀. Eré tirẹ̀ wà láàárín 650 àti 950. Síbẹ̀, ìwé ìlànà tí wọ́n fi ń kọ́ àwọn ọmọ ogun náà sọ pé bí ìjà bá máa pẹ́, 100 ni kí wọ́n máa yìn ní ìṣẹ́jú kan: kí wọ́n yin mẹ́fà sí mẹ́sàn-án lọ́wọ̀ọ̀wọ́, kí wọ́n dánu dúró fún ìṣẹ́jú àáyá mẹ́rin tàbí márùn-ún, kí wọ́n tó tún yin ọ̀wọ́ mìíràn, kí wọ́n sì pààrọ̀ ọ̀pá ìbọn ní ìṣẹ́jú mẹ́wàá-mẹ́wàá. Bí ọ̀rọ̀ bá le, wọ́n lè yin 200, ṣùgbọ́n ìṣẹ́jú méjì-méjì ni ọ̀pá yóò máa di pípààrọ̀. Bí wọ́n bá sì tẹ̀ ẹ́ mọ́lẹ̀ láìsinmi, kí wọ́n má ṣe jẹ́ kí ọ̀pá kan lò ju ìṣẹ́jú kan ṣoṣo lọ.

Kì í ṣe àìtó ọta ni ó ń dá wọn dúró. Ooru ni.

Bí ìbọn náà ṣe ń ki ara rẹ̀ kò gba àlàyé gígùn. Ìbọn tí Gatling gba ìwé-ẹ̀rí àṣẹ rẹ̀ ní ọdún 1862 ń fẹ́ kí ènìyàn máa fi ọwọ́ yí i. Hiram Maxim, ọmọ Amẹ́ríkà tí ó ń gbé ní Lọ́ńdọ̀nù, rí i pé agbára tí ìbọn fi ń ta ẹni tí ó yìn ín ní èjìká ń ṣòfò, ní ọdún 1884 ó sì fi agbára náà ṣiṣẹ́: ìtapadà ìbọn ni ó ń yọ kòròfo ọta dànù, òun náà ni ó ń fún sípíríǹgì pọ̀, sípíríǹgì á sì ti ọta tuntun wọlé bí ó ti ń padà bọ̀. Èyí tí ó pọ̀ jù lóde òní ń lo ihò kékeré tí a lu sí ara ọ̀pá, tí díẹ̀ nínú afẹ́fẹ́ gbígbóná tí ó ń lé ọta ń gbà jáde láti ṣe iṣẹ́ kan náà. Ẹni bá ti mọ èyí ti mọ ohun tí ó mú kí ìbọn máa yìn. Ohun tí ó mú kí ó dúró ni ọ̀rọ̀ gan-an.

Nínú agbára tí ètù inú ọta kan tú jáde, nǹkan bí ìdá kan nínú mẹ́ta ni ó bá ọta lọ. Ìyókù di ooru, èyí tí kò sì kéré nínú rẹ̀ wọ inú irin ọ̀pá. Afẹ́fẹ́ tí ó jó nínú ọ̀pá gbóná ju ìwọ̀n Celsius 2,000 lọ, ṣùgbọ́n àkókò tí ó fi wà níbẹ̀ kò ju ìṣẹ́jú àáyá kan tí a pín sí ọ̀nà ẹgbẹ̀rún lọ, ìdí nìyẹn tí ọta kan kì í fi í ṣe irin ní nǹkan kan. Nígbà tí ó bá di mẹ́wàá tàbí ogún ní ìṣẹ́jú àáyá kan, irin kò ráyè tutù kí òmíràn tó dé.

Alágbẹ̀dẹ ni ọ̀rọ̀ yìí yé jù. Òun náà a ki irin bọ iná, a fi ẹwìrì fẹ́ ẹ, irin á pọ́n, á rọ̀, á sì wá fi owú lù ú títí yóò fi gbà bí ó ṣe fẹ́. Gbogbo ohun èlò àgbẹ̀dẹ ni ó pé sínú ìbọn arọ̀jò-ọta: ètù ni iná, afẹ́fẹ́ tí ń tì í ni ẹwìrì, ọta tí ń fi ipá gba inú ọ̀pá kọjá ni owú. Àgbẹ̀dẹ kan tí ẹnikẹ́ni kò fẹ́ kí irin ibẹ̀ rọ̀ ni. Ní nǹkan bí ìwọ̀n Celsius 500, irin á bẹ̀rẹ̀ sí í pọ́n lójú òkùnkùn, ṣùgbọ́n kí ó tó pọ́n ni agbára rẹ̀ ti ń lọ. Àwọn ipa tín-ínrín tí a gbẹ́ yí inú ọ̀pá ká, tí wọ́n ń mú kí ọta máa pòyì kí ó lè lọ tààrà, á bẹ̀rẹ̀ sí í jẹ. Ọta tí ó yẹ kí ó bọ́ síbi kan náà á máa fọ́n káàkiri. Bí ẹni tí ó ń yìn ín kò bá gbọ́ ìkìlọ̀ yìí, ọ̀pá lè wú, ó sì lè bẹ́.

Alágbẹ̀dẹ tí ó bá fẹ́ kí irin tirẹ̀ tutù kíákíá a tì í bọ inú omi. Ohun tí Maxim ṣe náà nìyẹn, àfi pé ó gbé omi wọ ìbọn bí ẹ̀wù. Vickers, tí a bí láti inú Maxim, tí àwọn ọmọ ogun ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì gbà ní ọdún 1912 tí wọn kò sì fi sílẹ̀ títí di 1968, ní àgbá irin roboto kan tí ó bo ọ̀pá rẹ̀, tí ó gba omi bíi lítà mẹ́rin. Lẹ́yìn nǹkan bí ọta 600 tí a yìn ní ìwọ̀n 200 ní ìṣẹ́jú kan, omi náà á hó. Ọ̀pọ̀ ènìyàn gbà pé ibẹ̀ ni ìṣòro ti bẹ̀rẹ̀, bẹ́ẹ̀ ibẹ̀ gan-an ni ọgbọ́n wà. Omi tí ó ń hó kì í gbóná ju ìwọ̀n 100 lọ bí ó ti wù kí iná pọ̀ tó nídìí rẹ̀, agbára tí yóò sì sọ omi híhó di oruku, ìyẹn omi tí ó ti di afẹ́fẹ́, ju ìlọ́po márùn-ún èyí tí ó mú un láti ìwọ̀n òdo dé ìwọ̀n híhó lọ. Níwọ̀n ìgbà tí omi bá ṣì bo ọ̀pá, inú ìkòkò ni irin náà wà, ìkòkò tí omi wà nínú rẹ̀ kì í sì í jó.

Wọn kò tilẹ̀ jẹ́ kí oruku náà ṣòfò. Rọ́bà kan so mọ́ àgbá omi, ó gbé oruku lọ sínú agolo kan nílẹ̀, oruku á di omi padà, wọ́n á sì dà á sínú ìbọn. Èyí kì í jẹ́ kí omi tètè tán, kì í sì í jẹ́ kí èéfín funfun tú ibi tí ìbọn wà fó fún ọ̀tá. Ní ilẹ̀ Fínlándì, níbi tí omi ti máa ń dì tí yìnyín sì pọ̀, wọ́n ṣe ìdérí fẹ̀ǹfẹ̀ sí orí àgbá omi Maxim tiwọn kí wọ́n lè máa fi ọwọ́ bu yìnyín sínú rẹ̀, Sófíẹ̀tì náà sì rí i, ó ṣe bẹ́ẹ̀. Ẹ̀ṣẹ̀ kan ṣoṣo tí ètò yìí dá ni ìwúwo. Ìbọn Vickers àti ẹsẹ̀ mẹ́ta tí ó dúró lé ju kìlógíráàmù 30 lọ, láìtíì ka omi àti ọta mọ́ ọn. Kò sí ọgbọ́n tí ó dára tó o láti ìgbà náà, ṣùgbọ́n ọmọ ogun tí ó ń sáré láti ibi kòtò kan dé òmíràn kò lè gbé ìkòkò lérí.

Àwọn tí ó tẹ̀ lé e wá gba ọ̀nà mìíràn: bí irin kan bá gbóná, kí a yọ ọ́, kí a fi èyí tí ó tutù sí ipò rẹ̀. MG 42 ni ó fi èyí hàn jù lọ. Lẹ́yìn nǹkan bí ọta 250 tí a yìn láìdáwọ́dúró, ìyẹn kò tó ìṣẹ́jú àáyá mẹ́ẹ̀ẹ́dógún nínú ìbọn tí ń yin ogún ní ìṣẹ́jú àáyá kan, wọ́n á ṣí ìdè kan ní ẹ̀gbẹ́ ọ̀tún, ẹ̀yìn ọ̀pá á yọ síta, wọ́n á fà á jáde, wọ́n á ti tuntun bọ̀ ọ́, kí a tó mí lẹ́ẹ̀mejì wọ́n ti tún bẹ̀rẹ̀. Bren ti ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì ní ọwọ́ ìdìmú lára ọ̀pá fúnra rẹ̀, èyí tí wọ́n fi ń gbé ìbọn ni wọ́n sì fi ń yọ irin gbígbóná láìfi ara kàn án.

Ó ya ni lẹ́nu pé M60, tí Amẹ́ríkà gbà ní ọdún 1957, ogún ọdún lẹ́yìn tí Bren ti yanjú ọ̀rọ̀ yìí, kò ní irú ọwọ́ bẹ́ẹ̀ lára ọ̀pá rẹ̀. Ìbọ̀wọ́ asbestos, ohun tí iná kì í jó, ni wọ́n kó fún àwọn ọmọ ogun. Bí ìbọ̀wọ́ bá sì sọnù sínú igbó, ohun tí ó bá wà lárọ̀ọ́wọ́tó ni wọ́n á fi dì í mú. Èyí tí ó burú jù ni pé ẹsẹ̀ méjì tí ìbọn fi ń dúró àti ilé tí afẹ́fẹ́ gbígbóná ti ń ṣiṣẹ́ so mọ́ ọ̀pá náà, tí ó fi jẹ́ pé nígbà tí wọ́n bá yọ ọ̀pá, wọ́n ti yọ ẹsẹ̀ pẹ̀lú, ìbọn á wá wà lọ́wọ́ ẹni tí ó ń yìn ín láìní ìdúró, gbogbo ọ̀pá àfikún tí wọ́n bá gbé dání náà sì ní láti ru ẹsẹ̀ tirẹ̀ kiri. Nígbà tí wọ́n ṣe àtúnṣe rẹ̀ tí wọ́n pè ní M60E3, wọ́n gbé ẹsẹ̀ kúrò lára ọ̀pá, wọ́n sì fi ọwọ́ ìdìmú sí i. Ti M2 Browning, ìbọn ńlá tí ọta rẹ̀ fẹ̀ tó mìlímítà 12.7, tún yàtọ̀: fún ọ̀pọ̀ ẹ̀wádún, ẹnikẹ́ni tí ó bá pààrọ̀ ọ̀pá rẹ̀ ní láti fi irinṣẹ́ ìwọ̀n yẹ àlàfo tí ó wà lẹ́yìn ọta wò, nítorí pé bí àlàfo náà bá fẹ̀ jù, kòròfo lè ya nínú ìbọn kí ó sì ṣe àwọn tí ó wà nídìí rẹ̀ léṣe. Nǹkan bí ọdún 2010 ni M2A1 dé tí ó mú wàhálà yẹn kúrò.

Ṣùgbọ́n kí ọ̀pá tó rọ̀, ewu kan wà tí ó máa ń ṣáájú. Ihò tí ọta ń jókòó sí kí ó tó dún náà ń gbóná, ọta tí ó bá sì pẹ́ níbẹ̀ lè gbiná fúnra rẹ̀ láìsí ìka lórí ohunkóhun. Ìdí nìyẹn tí ọ̀pọ̀ ìbọn arọ̀jò-ọta fi ń ṣe ohun kan tí ìbọn ráífù kì í ṣe. Nínú ráífù, bí a bá gbé ìka kúrò, ọta tuntun ti wọlé, ó ti jókòó, ó ń dúró de ìgbà mìíràn. Nínú M240 àti àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀, ẹ̀yìn ni irin tí ń ti ọta wọlé máa ń dúró sí bí ìka bá kúrò, ihò á ṣófo, afẹ́fẹ́ á sì máa gba inú ọ̀pá kọjá láti ẹnu dé ìdí. Ìgbà tí ìka bá tún fà á ni irin náà tó sáré wá síwájú pẹ̀lú ọta, tí ó sì dún. Ohun tí wọ́n fi san án ni pé irin wúwo tí ó ń sáré wá yẹn ń mi ìbọn kí ọta tó jáde, nítorí náà ọta àkọ́kọ́ kì í lọ bí a ti fojú sùn ún tán. Vickers kò san irú owó yìí, nítorí pé omi rẹ̀ ń jẹ́ kí ọta lè jókòó nínú ihò láìséwu.

Kòròfo ọta pàápàá ń ṣiṣẹ́ níbẹ̀ tí ẹnikẹ́ni kì í dúpẹ́ rẹ̀ fún un. Bí ó ti ń fò jáde, ó ń gbé díẹ̀ nínú ooru lọ. Nígbà tí ilé iṣẹ́ Heckler & Koch ní Jámánì ṣe ráífù G11 tí ọta rẹ̀ kò ní kòròfo rárá, ọta bẹ̀rẹ̀ sí í gbiná fúnra wọn nínú ihò gbígbóná, wọ́n sì ní láti wá irú ètù mìíràn tí kì í tètè mú iná.

Èrò Gatling, pé kí ọ̀pá púpọ̀ máa yí nínú ìbọn kan, náà kò kú. M134 ní ọ̀pá mẹ́fà tí mọ́tò iná mànàmáná ń yí, eré rẹ̀ sì lè dé 6,000. Bí ó bá sáré tó bẹ́ẹ̀, ọ̀pá kọ̀ọ̀kan ń ru ìdá kan nínú mẹ́fà iṣẹ́ náà, ó sì ń gba atẹ́gùn bí ó ti ń yí. Ṣùgbọ́n ọkọ̀ òfúrufú tàbí ọkọ̀ ilẹ̀ ni ó lè gbé e pẹ̀lú bátìrì àti ọta rẹ̀. Ẹni tí ó gbé e sí èjìká tí ó ń yìn ín nínú fíìmù ń ṣe eré ni.

Ohun tí ó mú kí àwọn ènìyàn gbà pé ìbọn kan lè máa ró láìdákẹ́ kì í tilẹ̀ í ṣe fíìmù nìkan. Àwọn ọmọ ogun máa ń gbé ìbọn arọ̀jò-ọta méjì kalẹ̀ lójú kan náà, kí ọ̀kan yin ọ̀wọ́ tirẹ̀, kí ó dákẹ́, kí èkejì gbà á lẹ́nu rẹ̀ kí àlàfo tó hàn, kí ti àkọ́kọ́ tún wọlé bí ti èkejì bá ti tán. Ẹni tí ó sùn mọ́lẹ̀ ní òdì kejì ń gbọ́ ìró kan ṣoṣo tí kò dá. Ìbọn méjì ni, wọ́n ń mí fún ara wọn.