Ṣé eré kan ṣoṣo ni Lorraine Hansberry kọ?

Bí a bá dárúkọ Lorraine Hansberry, obìnrin aláwọ̀ dúdú ọmọ Amẹ́ríkà tó ń kọ eré orí ìtàgé, ohun tí ọ̀pọ̀ ènìyàn máa ń sọ ni pé eré kan péré ló kọ kó tó kú, ìyẹn A Raisin in the Sun. Kò rí bẹ́ẹ̀ rárá.

Òótọ́ ni pé eré yẹn ló sọ ọ́ di ìlú-mọ̀-ọ́n-ká. Oṣù kẹta ọdún 1959 ló dé Broadway, ìyẹn àwọn gbọ̀ngàn eré ńláńlá ní New York, òun sì ni obìnrin aláwọ̀ dúdú àkọ́kọ́ tí eré rẹ̀ débẹ̀. Ọmọ ọdún 28 ni nígbà náà. Àwa Yorùbá gan-an wà nínú eré ọ̀hún: akẹ́kọ̀ọ́ Yorùbá kan, Joseph Asagai, kó aṣọ wá láti Nàìjíríà fún Beneatha, ọmọbìnrin inú ìdílé Younger tí eré náà dá lé, ó ta á bò ó lára, ó wá sún sẹ́yìn láti wò ó dáadáa.

Nígbà tí wọ́n fẹ́ fi eré náà ṣe sinimá, Hansberry fúnra rẹ̀ ló tún un kọ. Ó fi ìran tuntun kún un, ó mú ìdílé Younger kúrò nínú yàrá wọn lọ sí ìgboro Chicago. Ilé iṣẹ́ sinimá Columbia gé púpọ̀ nínú rẹ̀ dànù. Ẹni tó bá wo fíìmù tó jáde lọ́dún 1961 kò lè mọ iṣẹ́ tó ṣe.

Èyí tó dùn mí jù ni The Drinking Gourd. Eré tẹlifíṣọ̀n ni, ilé iṣẹ́ tẹlifíṣọ̀n NBC ló fẹ́ gbé e jáde, Hansberry sì kọ ọ́ lọ́dún 1960 lórí ayé ẹrú ní Amẹ́ríkà. Nínú rẹ̀, wọ́n fọ́ ojú ọ̀dọ́mọkùnrin ẹrú kan torí pé ó kọ́ ìwé kíkà. NBC kò ṣe é rárá. Báwo làwọn èèyàn ṣe máa ka ohun tí wọn ò jẹ́ kí wọ́n rí mọ́ iṣẹ́ rẹ̀?

Eré rẹ̀ kejì, The Sign in Sidney Brustein's Window, dé Broadway ní oṣù kẹwàá ọdún 1964. Jẹjẹrẹ ti ń bá a jà nígbà yẹn. Ó kú ní ọjọ́ 12 oṣù kìíní ọdún 1965, lẹ́ni ọdún 34, eré náà sì kásẹ̀ nílẹ̀.

Ó fi Les Blancs sílẹ̀ láìparí. Robert Nemiroff, ọkọ rẹ̀ tẹ́lẹ̀, ló parí rẹ̀, ó sì dé Broadway lọ́dún 1970. Ilẹ̀ Áfíríkà kan lábẹ́ ìjọba òyìnbó ló dá lé. Ẹni tó bá ti ka Raisin tán, Les Blancs ni mo máa ní kó gbé tẹ̀ lé e.