Eré ni àbí òótọ́? Ìdáhùn sí ìbéèrè yín lórí Jafar Panahi

Lóṣù Karùn-ún ọdún 2025, Jafar Panahi, olùdarí fíìmù ọmọ Ìráànì, gba àmì ẹ̀yẹ tó ga jù lọ ní Cannes, àjọ̀dún fíìmù tó ń wáyé ní ilẹ̀ Faransé. Ìròyìn náà da orí ọ̀pọ̀ èèyàn rú. Ẹni tí wọ́n ní kò gbọdọ̀ ṣe fíìmù, báwo ló ṣe ṣe é? Ṣé eré ló sì ń ṣe, àbí ohun tó ṣẹlẹ̀ gan-an ló ń yà?

Ṣé lóòótọ́ ni wọ́n fòfin dè é?
Lóòótọ́ ni. Ní 2010, ilé ẹjọ́ dá ẹ̀wọ̀n ọdún 6 fún un, wọ́n ní kó má ṣe fíìmù, kó má sì jáde kúrò ní Ìráànì fún ọdún 20. Ó bá jókòó sílé, ó ń ya ara rẹ̀, ó pe àkọlé rẹ̀ ní "Èyí Kì í Ṣe Fíìmù". Ẹ wá fẹ̀sùn kan ìyẹn.

Eré ni èyí tó gba Cannes?
Eré ni, àmọ́ ìkọ̀kọ̀ ló ti yà á, kò gbàṣẹ.

Èwo ló wá ń rúni lójú?
Ẹ wo *Taxi*, fíìmù rẹ̀ tó gba àmì ẹ̀yẹ ní àjọ̀dún fíìmù Berlin ní 2015. Panahi fúnra rẹ̀ ló ń wa takisí kiri ìgboro Tehran, kámẹ́rà kékeré wà níwájú rẹ̀. Ọkùnrin kan wọlé, ó ní kí wọ́n yẹgi fún olè, kí àwọn tó kù lè kọ́gbọ́n. Obìnrin tó wà lẹ́yìn, tíṣà, ní kò rí bẹ́ẹ̀. Wọ́n fà á títí ọkùnrin náà fi sọ̀ kalẹ̀; ìgbà tó ń lọ ló tó jẹ́wọ́ iṣẹ́ rẹ̀: jàgùdà ni. Kò pẹ́ ni ẹni tó ń ta DVD ayédèrú dá awakọ̀ mọ̀, ó ní òun mọ̀ pé òṣèré làwọn tó lọ yẹn. Panahi kàn rẹ́rìn-ín. Ṣùgbọ́n Nasrin Sotoudeh, agbẹjọ́rò tó wọkọ̀ nígbà tó yá, agbẹjọ́rò gidi ni, ó sì ti ṣẹ̀wọ̀n gidi.

Irọ́ ni, nígbà náà?
Rárá. Ẹni tó ń purọ́ kì í jẹ́ kí oníDVD tú àṣírí òun lójú kámẹ́rà. Lójú tèmi, àbò wà nínú àdàlù yìí: bí wọ́n bá bi èrò ọkọ̀ kan léèrè ohun tó sọ, ó lè ní eré lòun ń ṣe.

Ṣé òun ló dá àdàlù eré àti òótọ́ yìí sílẹ̀?
Rárá o. Ní 1990, Abbas Kiarostami, olùdarí fíìmù ọmọ Ìráànì tí Panahi ṣe igbákejì fún lẹ́yìn náà, kó oníjìbìtì kan àti ìdílé tó lù ní jìbìtì jọ, ó ní kí wọ́n wá ṣe ara wọn nínú fíìmù. Wọ́n gbà!

Ṣé àwọn tó bá a ṣiṣẹ́ ò bẹ̀rù?
Ẹ wo ìparí *Taxi*. Kò sí orúkọ òṣìṣẹ́ kankan níbẹ̀.

Bí mo bá rí apá kan *Taxi* lórí WhatsApp ńkọ́?
Ẹ má pín in bí ìròyìn. Èyí tí mò ń bẹ̀rù jù ni ti ọkùnrin tí jàǹbá ọkọ̀ ṣe, tí orí rẹ̀ ń ṣẹ̀jẹ̀, tó ń sọ ìpíngún rẹ̀ sínú fóònù kí wọ́n má baà lé ìyàwó rẹ̀ jáde nílé. Ìyàwó ń ké tẹ̀dùntẹ̀dùn. Ẹni tó bá rí ìyẹn nìkan á sunkún. Ẹni tó bá wò ó síwájú á gbọ́ ìgbà tí ìyàwó náà pe Panahi padà: ọkọ òun ti bọ́ nínú ewu, ṣùgbọ́n ó ṣì fẹ́ fídíò yẹn.